Bàtà Abẹ́ Bẹ́ẹ̀dì Màmá

Àfìgbà tí mo bá òkìtì sálúbàtà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì Màmá Ìjẹ̀bú lónìí ni ọ̀rọ̀ náà tó yé mi.

Ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó ni mo ti ń ṣiṣẹ́ ní Sharjah. Màmá yìí ló ń kọ́ mi ní Yorùbá.

Láàárọ̀, ọmọ Hajja, ìyá ará Íjíbítì tó jẹ́ ọ̀rẹ́ Màmá, wá láti mú ìyá rẹ̀ lọ sí ilé ìtọ́jú mìíràn nítòsí òun ní Dubai. Hajja ò rí bàtà wọ̀. Ó ní òun ò ní jáde sínú oòrùn yìí láìwọ bàtà. A ní ká yá tàwọn ìyá yòókù. Gbogbo wọn ní àwọn náà ò rí tiwọn! Ọmọ náà bínú lọ. Ó ń bọ̀ lọ́la.

"Màmá, ẹ̀yin lẹ kó bàtà pamọ́?"

"Ta ló máa jókòó tì mí tó bá lọ?"

"Ṣùgbọ́n ẹ ò gbọ́ èdè ara yín, mà."

"Ìjókòó la jọ ń jókòó, èdè wo ló kàn án? O ò rí nǹkan kan o. Khalas, ó parí!"

Mo ti kúnlẹ̀, mo ti ní "yes mà" kí n tó ronú.

Ọmọ ọ̀hún ò kúkú ṣẹ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn: ṣé kí n kó bàtà wọ̀nyí síta, àbí kí n fi tèmi náà kún un?