Ìdènà Ọlọ́pàá Níwájú Òfì Bàbá Mi

Fèrè ọkọ̀ ọlọ́pàá ló jí mi lójú oorun ọ̀sán lánàá. Mo sáré yọjú, àṣé ọmọ ọmọ mi ló ń ṣe eré ọlọ́pàá lórí kọ̀ǹpútà. Ó ní òun kò rà á, orí íńtánẹ́ẹ̀tì lòun ti gbé e lọ́fẹ̀ẹ́, lọ́wọ́ àwọn tí kì í ṣe àwọn ló ni ín. Ó ń dá ọkọ̀ dúró, ó ń béèrè ìwé. Ẹ̀rín pa mí. Àwa náà ṣe é ní Ìsẹ́yìn nígbà èwe wa, a kò sì gbàṣẹ lọ́wọ́ ẹnì kankan.

Èmi ni kọ́ńsítébù. Rámónì ọ̀rẹ́ mi ni sájẹ́ǹtì, nítorí òun ló ní fìlà. Pòpórò ọkà bàbà ni ìbọn wa, okùn kan la sì ń fà dábùú ọ̀nà. Ìyá ẹlẹ́pà a máa fún wa ní ẹ̀pà kó tó kọjá. Obìnrin Fúlàní tó ń ta wàrà kò bá wa ṣàwàdà ní tirẹ̀. Ọ̀pá ló fi ń lé wa.

Lásìkò náà, ọlọ́pàá gidi kan ń fẹ́ Sàfúrà, ẹ̀gbọ́n mi. Bàbá wa, tó ń hun aṣọ òkè, fárígá. Ó ní, “Kí ni ọlọ́pàá mọ̀, ju kó ba nǹkan oníǹkan jẹ́ lọ?” Sàfúrà sunkún títí Bàbá fi gbà kí ọkùnrin náà wá lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, lọ́sàn-án Jímọ̀.

Ọjọ́ Jímọ̀ yẹn ni okùn wa já. Bàbá wà ní mọ́ṣáláṣí. Òwú rẹ̀ nà gbọọrọ níwájú òfì tó fi ń hunṣọ, òkúta tẹ ìdí rẹ̀ mọ́lẹ̀. Rámónì wò ó, ó ní, “Ìdènà rèé.” La bá gbé òkúta, a fa òwú dábùú ọ̀nà. Ọmọ ahunṣọ ni mí o, mo mọ̀ pé èèwọ̀ ni. Ṣùgbọ́n oyè kọ́ńsítébù ti ń pa mí bí ọtí.

Ni ọkọ ìyàwó lọ́la bá yọ lórí kẹ̀kẹ́, láti òkè, sítáàṣì mú yúnífọ́ọ̀mù rẹ̀ le gan-an. Mo kígbe, “Dúró! Ìwé kẹ̀kẹ́ dà?” Ó rẹ́rìn-ín, ó tẹ bíréèkì, bíréèkì ò mú. Bàbá náà yọ láti mọ́ṣáláṣí, ó káwọ́ lérí. Ọkùnrin náà rí òwú, ó ya kẹ̀kẹ́, ó sì já sínú gọ́tà gbìì. Òwú kan kò já.

Inú ẹrẹ̀ ló ti dọ̀bálẹ̀. “Ẹ káàsán, Bàbá.”

Bàbá yẹ òwú rẹ̀ wò láti ìdí dé òkè, ó wá bi í pé, “Ta ní ń fọ aṣọ rẹ?”

“Èmi fúnra mi ni, sà.”

“Sàfúrà! Gbé omi àti ọṣẹ wá fún àlejò.”

Sàfúrà sáré débi pé ó gbàgbé ọṣẹ. Ní ti ẹgba tí èmi àti Rámónì jẹ, ẹ jẹ́ n dákẹ́.

Òfì kò pọ̀ ní agbolé wa mọ́. Rámónì ti lọ, àárò rẹ̀ ń sọ mí gidigidi. Ìka lásán ni ọmọ fi ń ṣe ọlọ́pàá báyìí, kò sì sí bàbá tí yóò nà án. Ṣùgbọ́n mo ṣì gbà pé ìgbà tí bíréèkì kò bá mú la ń mọ ènìyàn. Bàbá kò ta aṣọ tó fi òwú yẹn hun. Òun ló fi sin Sàfúrà lọ ilé ọkọ.