Ife Òpó Tí Mi Ò Fọwọ́ Kàn

Mo lọ ra ọjà kan lọ́jọ́ kan, mi ò sì fọwọ́ kàn án. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́ fúnra mi, kí ẹlòmíràn tó bá mi sọ ọ́. Àgbàlagbà bíi tèmi, tó ṣe sítọ̀kípà, olùtọ́jú ẹrù ìjọba, títí ó fi fẹ̀yìntì, dúró níwájú àpò ẹrù ní ìgboro Ọ̀wọ̀, ó káwọ́ sẹ́yìn bí ẹni tí wọ́n mú wá síwájú adájọ́, ó ní, "Ẹ bá mi di gbogbo rẹ̀." Ẹ̀rù ló bà mí. Ohun tó sì bà mí lẹ́rù, amọ̀ lásán ni.

Ẹ gbójú sókè wo òpó iná tó wà níwájú ilé yín. Ẹ ó rí ohun funfun kan níbẹ̀ tó dà bí ife tíì tí kò létí. Òun ni wọ́n so wáyà mọ́, kí iná má baà gba ara òpó sọ̀kalẹ̀ wá bá ẹni tó ń lọ jẹ́jẹ́. Àwọn oníná ní orúkọ òyìnbó tí wọ́n ń pè é, ìnsuléítọ̀, ṣùgbọ́n kí ahọ́n mi tó pe ìyẹn tán, ilẹ̀ á ti ṣú. Ife òpó ni èmi ń pè é.

Ní Ute tí a ń gbé, iná ti wà láti ọjọ́ pípẹ́, ṣùgbọ́n ẹ̀gbẹ́ ṣọ́ọ̀ṣì ló parí sí. Àdúgbò tiwa wà ní òdìkejì odò kékeré kan, òkùnkùn wa sì ni tiwa. A kọ lẹ́tà, a rán èèyàn, a dúró. Nígbà tí ìdúró sú wa, a dáwó jọ, a ra òpó, a rì í mọ́lẹ̀, a ra wáyà. Àwọn tó ń pín iná ní bí a bá ti gbé gbogbo rẹ̀ sókè tán, àwọn á wá yẹ̀ ẹ́ wò, àwọn á sì so wá pọ̀ mọ́ ti ìlú. Ife òpó nìkan ló kù.

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ni ilé rẹ̀ gbẹ̀yìn pátápátá ní àdúgbò yẹn. Amọ̀kòkò ni, ó ti lé ní àádọ́rin ọdún, kò sì tíì jẹ́ kí ọwọ́ rẹ̀ sinmi. Ṣùgbọ́n ojú ti ń ṣe bàìbàì. Ọwọ́ ìrọ̀lẹ́ tí oòrùn bá rọlẹ̀ ló máa ń ṣe etí ìkòkò, kí amọ̀ má baà tètè gbẹ mọ́ ọn lọ́wọ́, àtùpà kò sì tó o mọ́. Etí ìkòkò ti ń wọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, àwọn oníbàárà sì ti ń sọ ọ́ lábẹ́lẹ̀. Ó ní gílóòbù kan ṣoṣo ni òun ń fẹ́ lókè orí òun. Bí òun bá rí i, òun á tún mọ ìkòkò fún ọdún mẹ́wàá. Bí òun kò bá rí i, òun á kó amọ̀ dànù, òun á máa ka èèyàn tó ń kọjá.

Ìyẹn ni gbogbo wa mọ̀ kí a tó pe ìpàdé. Ní ìpàdé náà, mo dìde, mo tún fìlà mi dé.

Mo ní, "Ẹ̀yin èèyàn mi, ọjà ife òpó ní gbogbo Nàìjíríà kò rọgbọ. Àwọn tó ń ṣe é nílẹ̀ wa kò tó nǹkan. Ọkọ̀ ojú omi ló ń kó o wá láti òkè òkun, ibi tí dọ́là bá sì ń lọ ló ń tẹ̀lé e lọ bí ìyàwó àṣẹ̀ṣẹ̀gbé. Rọ́bà sì tún ti ń gba ọjà lọ́wọ́ amọ̀. Àwọn tó ń kó ọjà wọlé ti ń sá lọ sídìí rọ́bà, nítorí kì í fọ́ lójú ọ̀nà. Láìpẹ́, ẹni tó bá fẹ́ alámọ̀ á wá a tì. Ẹ jẹ́ ká rà á báyìí kó tó wọ́n!"

Rédíò ni mo ti gbọ́ ìdajì ọ̀rọ̀ yẹn. Ìdajì tó kù, níwájú ṣọ́ọ̀bù Alhaji kan tó ń ta ohun èlò iná ní Ọ̀wọ̀ ni mo ti gbọ́ ọ lọ́sàn-án ọjọ́ kan tí mò ń sá fún oòrùn.

Tíṣà kan tó ti fẹ̀yìntì nawọ́. "Ẹ dákun, ṣé amọ̀ lẹ sọ pé ó ń ti òkè òkun bọ̀? Amọ̀ tó kún etí odò wa yìí?"

Ẹ̀gbọ́n mi dá a lóhùn láti ẹ̀yìn. "Ẹ jẹ́ kó sọ ọ́ tán. Bó bá parí, á mumi."

Wọ́n rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ mi wọ̀ wọ́n létí. Ẹni tó bá mọ ibi tí dọ́là ń lọ, kò yẹ kó ṣìnà dé Ọ̀wọ̀. Wọ́n ní èmi ni kí n lọ rà á.

Wàyí o, ìtìjú mi nìyí. Mo ń bẹ̀rù iná. Ẹ̀ẹ̀kan péré ló tíì mú mi. Nígbà tí mò ń gbé Ọ̀wọ̀, mò ń lọ aṣọ ìsìn lówùúrọ̀ Sunday kan, áyọ́ọ̀nù sì gbá mi lọ́wọ́. Mo jù ú nù, mo sá jáde tòun ti ṣòkòtò abẹ́, mo sì pàdé àwọn tó ń bọ̀ láti ìsìn àárọ̀. Wọ́n kí mi, mo kí wọn padà, mo béèrè ìwàásù. Láti ọjọ́ náà, igi gbígbẹ ni mo fi ń tẹ súìṣì ilé. Ní sítọ̀ ìjọba tí mo ti ń ṣiṣẹ́, ìsàlẹ̀ pátápátá ni mò ń kó ife òpó sí. Bí ẹnikẹ́ni bá wá gbà á, mo máa ń ní, "Ẹ lọ ṣà á fúnra yín, mo fọkàn tán yín." Wọ́n máa ń yìn mí pé mi ò fura sí èèyàn.

Mo dé ṣọ́ọ̀bù Alhaji.

"Sítọ̀kípà, ẹ káàbọ̀. Tuntun ni àbí àlòkù?"

"Èwo ló dára, Alhaji?"

"Tuntun ò pé iye tí ẹ ń wá. Èyí tó ń bọ̀ ṣì wà ní Èkó. Àlòkù ló pọ̀, ara òpó àtijọ́ ni wọ́n ti tú u. Amọ̀ ayé ọjọ́un nìyẹn, ó le ju tuntun lọ, bí kò bá ṣáà ti sán. Ẹ bẹ̀rẹ̀, ẹ yẹ̀ ẹ́ wò níkọ̀ọ̀kan. Ọjà tó bá ti kọjá ẹnu ọ̀nà mi, tiyín ni."

Ọ̀rọ̀ gidi ni ọkùnrin yẹn sọ. Ṣùgbọ́n nígbà tó da àpò náà sílẹ̀, tí mo rí wọn tí wọ́n jókòó jọ, tí eruku bò wọ́n, ọkàn mi bẹ̀rẹ̀ sí í ro ìròkurò. Ohun tó ti bá iná gbé láti ayé ọjọ́un, ṣé kò ní í ti fa díẹ̀ sínú? Àmù tó bá pẹ́ pẹ̀lú omi, ṣebí ara òun náà máa ń tutù, kódà bí omi inú rẹ̀ bá tán? Mo na ẹnu agboòrùn mi, mo fi tì wọ́n díẹ̀díẹ̀.

Alhaji wò mí. "Sítọ̀kípà, ejò ni?"

"Rárá o. Mò ń yẹ̀ ẹ́ wò ni."

"Agboòrùn lẹ fi ń yẹ̀ ẹ́ wò?"

"Ojú ni mo fi ń wò ó, Alhaji. Agboòrùn kàn ń tẹ̀lé ojú mi ni."

Ibẹ̀ ni mo ti ní kó bá mi di gbogbo rẹ̀. Ẹ̀yìn ọkọ̀ ni wọ́n gbé e sí, èmi jókòó síwájú. Bí ọkọ̀ bá ti bọ́ sínú kòtò, mo máa ń gbé ẹsẹ̀ mi méjèèjì kúrò nílẹ̀. Dẹ́rẹ́bà ní, "Bàbá, ṣé ẹsẹ̀ ń dùn yín ni?" Mo ní ọjọ́ orí ni.

Lọ́jọ́ kejì, oníná tí a bẹ̀ láti Elegbeka dé, ọkùnrin kan tó níkùn tó bẹ́ẹ̀ tí mi ò fi mọ bó ṣe ń gun òpó. Iwájú ilé ẹ̀gbọ́n mi la da ẹrù sí, nítorí ibòji wà níbẹ̀, àwọn ará àdúgbò sì pé jọ síbẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi jáde tòun ti amọ̀ lọ́wọ́, ó bẹ̀rẹ̀, ó sì mú ọ̀kan.

Mo ké, "Ẹ̀gbọ́n! Ẹ má fọwọ́ kàn án!"

"Kí ló ṣe é?"

Ó fi ìka kan bọ ihò àárín rẹ̀, ó gbé e kọ́ bẹ́ẹ̀, ó sì fi eegun ìka kejì kàn án. Ó dún, *pọ̀*. Ó jù ú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Èyí ti kú." Ó mú òmíràn. Ìyẹn dún, *gan-an-an*, bí aago ilé ìwé. Ó rọra gbé e kalẹ̀. Ó mú ẹ̀kẹta. *Pọ̀*. "Òkú."

Oníná rẹ́rìn-ín. "Màmá, ìkòkò ọbẹ̀ kọ́ nìyí o."

"Ṣé amọ̀ kọ́ ni?"

"Amọ̀ ni, Màmá."

"Ṣé inú iná kọ́ ni wọ́n ti sun ún?"

"Inú iná ni."

"Ọmọ ìyá kan náà ni wọ́n."

Kò sí obìnrin kan ní Ute tàbí ní Imoru tó máa ra ìkòkò láì kàn án gbọ́. Ọmọdé tí wọ́n rán lọ ra ìṣaasùn mọ̀ ọ́n. Èmi tí wọ́n bí sínú ilé ìkòkò, tí mo jẹun ìkòkò dàgbà, èmi ni mo káwọ́ sẹ́yìn. Ẹ̀gbọ́n mi fi àkísà tútù nu ọ̀kan lára àwọn òkú náà, ó nà án sí oníná. Ìlà dúdú kan gba ara rẹ̀ kọjá, tẹ́ẹ́rẹ́ bí irun orí. Ẹ̀rín kúrò lẹ́nu ọkùnrin náà.

Ó ní, "Òjò á wọ inú èyí. Iná á sì gba ibẹ̀ bọ́ sára òpó. Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi kan èyí tó kù."

Mo ní, "Ojú ọ̀nà ló sán an. Kòtò pọ̀ jù."

Ẹ̀gbọ́n mi kò tilẹ̀ gbójú sókè. "Àbúrò, ojú sísán tuntun a máa funfun. Èyí ti jẹ eruku ọdún pípẹ́. Ṣé o kàn án lọ́dọ̀ Alhaji?"

"Mo yẹ̀ ẹ́ wò."

Oníná ní, "Kí lẹ fi yẹ̀ ẹ́ wò, Bàbá?"

Agboòrùn wà lọ́wọ́ mi. Mi ò mọ bí wọ́n ṣe mọ̀, ṣùgbọ́n gbogbo wọn jọ wò ó.

Nígbà tí wọ́n rẹ́rìn-ín tán, òkìtì méjì ló wà nílẹ̀. Mẹ́rin mẹ́rin ni òpó kọ̀ọ̀kan ń gbà. Oníná ka àwọn tó yè, ó ní wọ́n á tó gbogbo òpó àyàfi méjì. Bẹ́ẹ̀, lẹ́yìn odò, wáyà yóò pínyà: òpó méjì yà sọ́tùn-ún lọ sílé mi, òpó méjì tó gbẹ̀yìn sì lọ sílé ẹ̀gbọ́n mi. Ọ̀kan nínú wa kò ní í ríná. Lọ́túnla ni àwọn tó ń pín iná sì fẹ́ wá yẹ iṣẹ́ wò. Ilé tí wọn kò bá bá wáyà rẹ̀ lókè lọ́jọ́ náà, ó di ìgbà tí wọ́n bá tún rántí wa.

Mo pe Alhaji lórí fóònù. "Alhaji, tuntun ti dé?"

"Ó ṣì wà ní Èkó. Àlòkù tó kù náà sì ti tán, àwọn ará abúlé mìíràn ló kó o lánàá lẹ́yìn tí ẹ lọ. Ṣebí ẹ̀yin náà lẹ ní yóò wọ́n?"

Bí àsọtẹ́lẹ̀ mi ṣe ṣẹ nìyẹn. Bí ẹ bá bi mí lónìí bí ọjà yìí yóò ṣe rí lọ́jọ́ iwájú, èsì mi kò gùn mọ́. Àwọn tí ìdúró ti sú bíi tiwa ló kù tó ń rà á ní wàràwàrà, àdúgbò kan lẹ́yìn èkejì, jákèjádò ilẹ̀ yìí. Wọn kò lè dúró de ọkọ̀ ojú omi, nítorí náà àlòkù ni wọ́n ń rà. Rọ́bà á máa wọlé, alámọ̀ á máa wọ́n, amọ̀ etí odò wa á sì máa wò wá. Ẹni tó bá fẹ́ rà á, kó fi ìka kàn án.

Tíṣà ní kí a dìbò. Ẹnì kan ní ilé Sítọ̀kípà ló sún mọ́ odò, kí a tibẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ẹlòmíràn ní Màmá ti dàgbà, ó lè fara da àtùpà. Ẹ̀gbọ́n mi ń wo ọwọ́ rẹ̀, ó ń fi èékánná ha amọ̀ tó ti gbẹ mọ́ ọn.

Kí n má purọ́: láti ọjọ́ tí wọ́n ti ri òpó méjì yẹn sí ọ̀nà ilé mi ni mi ò ti gbádùn ilé mọ́. Mo ti bi oníná lábẹ́lẹ̀ bóyá wáyà lè dúró níta, kó má wọlé. Ṣùgbọ́n ta ló ń sọ irú ìyẹn ní gbangba? Mo dìde, mo tún fìlà mi dé.

Mo ní, "Ẹ̀yin èèyàn mi, èmi ni mo ṣe àṣìṣe. Nítorí ìfẹ́ ọmọ ìyá, mo fi iná tèmi sílẹ̀ fún ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ jẹ́ kí òkùnkùn jẹ́ ìpín tèmi."

Wọ́n pàtẹ́wọ́. Tíṣà gbá mi lọ́wọ́ mú. Oníná ní, "Bàbá, ẹ ṣeun gan-an ni," omi sì fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ lójú èmi alára. Ìgbà yẹn ni ẹ̀gbọ́n mi gbójú sókè. Èdè ìbílẹ̀ wa ló fi sọ ọ́, ó sì ta ju báyìí lọ, ṣùgbọ́n ohun tó sọ nìyí:

"Ẹ má dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹni yẹn o. Láti kékeré, bí mànàmáná bá ti kọ, ẹ̀yìn àmù ìyá wa ló ń sá sí. Ẹ gbé iná wá sọ́dọ̀ mi. Bó bá fẹ́ ìmọ́lẹ̀, kó wá jókòó tì mí níbi tí mo ti ń mọ ìkòkò. Èmi á bá a tẹ súìṣì."