Yànmọ̀tí Tí Ọkọ Mi Yan

Àjò kì í dùn kí onílé má relé, ṣùgbọ́n nígbà tí ọkọ mi ti Japan dé, níbi tí ilé iṣẹ́ rẹ̀ rán an lọ láti kọ́ nípa ẹ̀rọ, ẹnu rẹ̀ kò bá a dé. Mo se ẹ̀fọ́ rírò fún un, ó ní ó dùn, lẹ́yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í ròyìn ọbẹ̀ yànmọ̀tí kan tí wọ́n ń dà sórí ẹ̀fọ́ lọ́hùn-ún. Ó mú ìgò omi ọbẹ̀ dúdú kan bọ̀, èyí tí wọ́n fi ẹ̀wà sóyà ṣe. Kò jẹ́ kí n fọwọ́ kàn án.

Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ nígbà náà. Ìyá rẹ̀ ti Ògbómọ̀ṣọ́ wá bá wa wẹ ọmọ nínú fúláàtì tí a háyà ní Ẹ̀gbẹ́dá, ìsinmi ìbímọ mi sì ti ń parí lọ. Màmá ti gbà pé àwọn yóò dúró títí ọmọ yóò fi máa rìn. Bí wọ́n bá lọ, mi ò ní ẹni tí mo lè fi ọmọ sílẹ̀ fún, iṣẹ́ mi ti bọ́ nìyẹn. Ohun tí Màmá bá ti wí ni abẹ gé.

Lọ́jọ́ Sátidé kan, ọkọ mi ra yànmọ̀tí lọ́wọ́ Hausa kan ní ọjà Ìdímù. Ó wọ ṣòkòtò péńpé, ó gbé páànù gbígbẹ ka sítóòfù, kò fi epo sí i. Ó ní tó bá ti ń ta sánsán, a ó lọ̀ ọ́ kó tó tutù, a ó fi ṣúgà, omi díẹ̀ àti omi ọbẹ̀ dúdú sí i, a ó wá dà á sórí ṣọkọ tí a ti bọ̀, tí a sì fún. Mo ní ata ṣì wà lára ọlọ. Ó ní kò sí wàhálà. Àlejò ilé ìdáná kì í rí wàhálà. Yànmọ̀tí ń ta pàrà, ó ń fò sílẹ̀ kiri.

Òórùn náà ló mú Màmá jáde ní yàrá, ọmọ wà lọ́wọ́ wọn. Wọ́n wo ilẹ̀. Wọ́n yí padà, wọ́n gbé ọmọ lọ sẹ́yìnkùlé, wọn ò tilẹ̀ wé gèlè.

“Ìyàwó, bá mi gbé báàgì mi. Mò ń lọ sílé lónìí.”

Mo yọjú sí wọn. “Màmá, kí la ṣe?”

“Ta ní ń yan yànmọ̀tí nílé tí ìkókó wà? Ṣé Olóde lẹ fẹ́ pè wọlé ni?”

Olóde ni àwọn àgbà ń pe ṣọ̀pọ̀ná, torí wọn kì í fẹ́ dárúkọ rẹ̀. Wọ́n gbà pé yànmọ̀tí ni oúnjẹ rẹ̀, ibi tí yànmọ̀tí bá fọ́n sí ni òun náà ń yà sí. Mi ò rò pé mo lè gbọ́ ọ lẹ́nu Màmá, ẹni tó ń jí gbogbo wa fún àdúrà òwúrọ̀.

Ọkọ mi rẹ́rìn-ín. “Màmá, àrùn yẹn ti tán láyé jàre. Wọ́n ti kéde ẹ̀.”

“Àbí ìwọ lo kéde ẹ̀?”

Inú bí mi sí ọkọ mi. Mo pa sítóòfù, mo fi àkísà tútù nu gbogbo ilẹ̀, mo wá lọ kúnlẹ̀ níwájú Màmá. “Ẹ jọ̀ọ́ mà, mo ti nu ilẹ̀ tán. Ẹ má lọ.”

Ojú ọmọ ni wọ́n ń wò. “Ọkùnrin ni tèmi tó lọ náà,” ni wọ́n wí. “Ó ti ń rìn. Ó fẹ́ràn yànmọ̀tí, mo bá yan án fún un.”

Ọkọ mi, tí gbogbo ẹbí ń pè ní àkọ́bí, fara ti ilẹ̀kùn. Ó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún, ẹnì kan ò sì sọ fún un rí pé ẹnì kan ti wà ṣáájú òun.

“Bí Olóde bá mú ọmọ ẹni, wọn kì í jẹ́ kéèyàn sunkún,” Màmá tún wí. “Wọ́n ní kí n máa dúpẹ́. Mo sì dúpẹ́.”

Ọkọ mi wá bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. “Màmá, kí lorúkọ ẹ̀?”

Wọ́n dárúkọ náà. Mo dìde, mo gba ọmọ lọ́wọ́ wọn, kí wọ́n lè ráyè sunkún.