Ohùn Akébíàrá Nínú Àwo Tuntun

Télọ̀ ni bàbá mi láàárọ̀, olórin rọ́ọ̀kì ni nírọ̀lẹ́. Á máa gé ṣòkòtò oníṣòkòtò lọ́wọ́, á sì máa pariwo orin títí oníbàárà á fi di etí. Akébíàrá ni àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń pè é. Láti ìgbà ọ̀dọ́ ni wọ́n ti jọ wà nínú ẹgbẹ́ orin kan náà. Orí wọn ti pá báyìí, ikùn sì ti yọ, àmọ́ ẹ má dán an wò kí ẹ pè wọ́n ní arúgbó o.

Nígbà tí wọ́n fẹ́ ṣe àwo tuntun, lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, ohùn bàbá mi ti rẹ̀. Ibi tí orin bá ti ga, ohùn á já mọ́ ọn lẹ́nu. Ó sọ fún mi nídìí ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ pé, "Ọmọ mi, bí mi ò bá lè gbé orin yìí ní sítúdíò, mo máa kúrò fún wọn. Mi ò ní di ẹrù sí wọn lọ́rùn."

Bó bá fi orin sílẹ̀, ìdajì bàbá mi ló lọ yẹn.

Mo sáré tọ Onígìtá lọ, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tímọ́tímọ́. Ó ní kí n ṣáà pa ẹnu mi mọ́. Kí bàbá mi tó dé sítúdíò, ó ti dẹ gbogbo okùn gìtá rẹ̀, ó ní kí onígìtá kejì dẹ tiẹ̀ náà. Oníkíbọ́ọ̀dù tẹ bọ́tìnnì tó ń mú ohùn kíbọ́ọ̀dù wálẹ̀. Gbogbo orin wálẹ̀ pátá, bàbá mi sì kọ ọ́ tán wọ́ọ́rọ́wọ́.

"Ohùn mi ti padà!" ló ń wí.

Àwọn àgbà òpùrọ́ yìí ń pàtẹ́wọ́ fún un. Mo bú sẹ́kún, n ò sì tijú rẹ̀.

Lọ́jọ́ tí wọ́n gbé àwo náà jáde, gbọ̀ngàn kún fọ́fọ́. Inú Oníkíbọ́ọ̀dù dùn dẹ́yìn débi pé ó gbàgbé bọ́tìnnì rẹ̀. Orin bẹ̀rẹ̀, gìtá wà nísàlẹ̀, kíbọ́ọ̀dù wà lókè, etí ò gbà á.

Bàbá mi gbọ́wọ́ sókè, orin dákẹ́. Ó fi ọwọ́ bo máìkì.

"Àbúrò, tẹ bọ́tìnnì yẹn jàre, bí o ṣe tẹ̀ ẹ́ fún mi ní sítúdíò."

Onígìtá lanu sílẹ̀. "O mọ̀?"

"Ìwọ náà! Láti ìgbà tí irun ṣì wà lórí rẹ ni mo ti ń gbọ́ gìtá yẹn. Ohùn mi ló rẹ̀, kì í ṣe etí mi."

"Kí ló wá dé tí o ń pariwo pé ohùn rẹ ti padà?"

Bàbá mi fọwọ́ gbá a léjìká.

"Mo rí i pé ẹ ò fẹ́ kí n lọ. Èmi náà ò sì fẹ́ lọ."