Nọ́ọ̀sì Tó Ń Kúnlẹ̀ Kí Olóyè

Ilé ìtọ́jú arúgbó kan ní Fayetteville, nítòsí Atlanta ní Amẹ́ríkà, ni mo ti lọ fọ̀rọ̀ wá bàbá òyìnbó kan lẹ́nu wò. Ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n. Wọ́n ti ṣe ọ̀gá nínú iṣẹ́ ológun, wọ́n sì jogún oyè bàbá wọn. Ọmọbìnrin wọn tó mú wọn wá sí Atlanta ti kú, kò sì sí ẹbí mìíràn nítòsí.

Wọ́n ní, "Orúkọ tí wọ́n sọ mí ni gbogbo èèyàn ń pè mí níbí. Àyàfi nọ́ọ̀sì mi. Ó máa ń kúnlẹ̀. Ta ló sọ fún un pé olóyè ni mí?" Inú wọn ń dùn bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́.

Ọmọ Yorùbá ni nọ́ọ̀sì náà. Mo bá a lẹ́nu ọ̀nà, ó ti parí shift rẹ̀.

"Oyè kẹ̀?" Ó bú sẹ́rìn-ín. "Uncle, mi ò mọ̀ nípa oyè kankan o! Àgbà ni Daddy. Ṣé kí n wá dúró ṣanṣan kí wọn ni? Ìyá mi á gbọ́ ọ n'Íbàdàn!"

Irọ́ kékeré kan ì bá tẹ́ bàbá lọ́rùn. Mo padà wọlé, mo sọ òótọ́ fún wọn: bó ṣe ń kí bàbá rẹ̀ nílé ló ṣe ń kí wọn.

Wọ́n bi mí pé, "Kí ni bàbá rẹ̀ máa ń fi dá a lóhùn?"

Mo kọ́ wọn: "Káàárọ̀ ọmọ mi, ṣé dáadáa lo jí?"

Nígbà tí mo dé ọ̀dẹ̀dẹ̀, nọ́ọ̀sì ti wa ọkọ̀ rẹ̀ lọ. Mo ṣì ń gbọ́ ohùn bàbá, tí wọ́n ń dá nìkan tún ìkíni náà sọ nínú yàrá.