Ikú Tí A Ń Fi Ránṣẹ́ sí Rọ́ṣíà

Àbúrò mi Thorvald kò lè jókòó jẹ́ẹ́. Ẹ bi èmi Gudrun léèrè, èmi tí mo pọ̀n ọ́n dàgbà ní Lemvig létí òkun. Bó bá ń jẹun, ó ń rìn. Bó bá sùn, ẹsẹ̀ rẹ̀ ń ta. Nígbà tí òkun gbé bàbá wa lọ, tí wọ́n bá òkú rẹ̀ lórí iyanrìn, Màámi ní ọmọ òun kò gbọdọ̀ wọ ọkọ̀ ẹja láéláé. Ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, á sá. Wọ́n fi í sẹ́nu iṣẹ́ búrẹ́dì. Ó sá kúrò níbẹ̀, ó gba Kòpẹnhágìn lọ, ló bá di eléré sinimá.

Ìjọ tí Màámi ń lọ kò gba ijó, kò gba káàdì, ká má tilẹ̀ sọ sinimá. Màámi ní, "Ẹni tó ń fi irọ́ jẹun, kó má tẹ ẹnu ọ̀nà mi." Ọdún mẹ́jọ gbáko ni Thorvald kò fi délé! Èmi náà ń rán aṣọ fún àwọn eléré ní Valby, níbi tí a ti ń ya sinimá ní Kòpẹnhágìn, ṣùgbọ́n abẹ́rẹ́ kì í purọ́, wọn ò bá mi jà.

Ìparí méjì la máa ń yà fún eré kan. Àwọn ará ìlú wa ń fẹ́ ìparí aláyọ̀. Àwọn ará Rọ́ṣíà tí a ń fi eré ránṣẹ́ sí ní tiwọn, bí wọn ò bá sunkún, wọ́n á ní a rẹ́ wọn jẹ. Nítorí náà, bí a bá rẹ́rìn-ín tán, a ó tún padà wá pa ẹnì kan. Thorvald sì mọ̀ ọ́n kú! Ìyọnu rẹ̀ kò ju pé kò lè dúró sójú kan.

"Thorvald, òkú kì í họ imú!" Lindegaard, ọ̀gá tó ń darí wa, á lọgun.

"Ọ̀gá, eṣinṣin ni. Kò mọ̀ pé mo ti kú."

Ní ọdún tó ṣáájú ogun àgbáyé, wọ́n fún un ní ipò ńlá: atukọ̀ tó rìn jìnnà, tó wá kan ilẹ̀kùn, tí ìyá rẹ̀ ṣí i fún un. "Ẹ̀gbọ́n mi," ló ń wí, "bí Màámi bá rí bí mo ṣe wọlé yẹn, wọ́n á ṣílẹ̀kùn tiwọn náà." Mo bẹ Sidsel, aládùúgbò Màámi, kó fa Màámi lọ síbi tí wọ́n ti ń fi í hàn ní Lemvig. Sidsel bẹ̀bẹ̀ títí wọ́n fi gbà.

Lọ́jọ́ náà, Thorvald ń lọ, ó ń bọ̀, bíi pé ilẹ̀ ń jó o lẹ́sẹ̀. Wáyà Sidsel dé: "Màmá yín wò ó. Kí ló dé tí ẹ rì í sómi?"

Kàì! Àwọn aláìnírònú tó ń di eré sínú agolo ti fi ìparí ti Rọ́ṣíà, tí omi ti gbé atukọ̀ náà sórí iyanrìn, ránṣẹ́ sí Lemvig! Mo bú wọn débi tí ohùn mi há. Thorvald kò bú ẹnikẹ́ni.

"Màámi ti rí Bàbá lórí iyanrìn," ó ní, "èmi ni mo tún lọ dùbúlẹ̀ síbẹ̀."

Lọ́jọ́ kejì ó ní òun ń lọ bẹ Màámi. Mo sìn ín dé ibùdókọ̀ ojú irin. Rélùwéè tó fẹ́ wọ̀ kò tíì dúró tán tí Màámi fi sọ̀ kalẹ̀ nínú rẹ̀, ìbòrí dúdú léjìká, ojú wọn wú.

"Mo mọ̀ pé irọ́ ni," wọ́n ní. "Mo ń sọ ọ́ fún ara mi lójú ọ̀nà: Maren, irọ́ ni. Ẹsẹ̀ mi ò gbọ́."

"Màámi, ẹ jẹ́ n mú yín lọ wo ìparí kejì, ibi tí mo ti wọlé..."

"Gbẹ́nu ẹ dákẹ́! Mi ò wo nǹkan kan mọ́. Iṣẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ ni, iṣẹ́ ẹ̀ṣẹ̀ náà ni." Ṣùgbọ́n ọwọ́ wọn ti wà lórí rẹ̀, wọ́n ń fọwọ́ tú irun rẹ̀, wọ́n ń fọwọ́ ra á lọ́rùn. "Omi tí wọ́n gbé ẹ sí yẹn, ṣé ó tutù?"

Ọmọ tí kì í dúró sójú kan dúró gbọn-in, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀.

"Ó tutù, Màámi. Ó tutù gan-an."

Màámi bọ́ ìbòrí dúdú wọn, wọ́n fi wé e. Oṣù keje ni, oòrùn ń jó wa lórí, àwọn èrò ń wò wá rẹ́rìn-ín. Màámi so ó mọ́ ọn lọ́rùn, wọ́n sì so ó le.