Eruku Tíì Tafo

Ọdún tí wọ́n wó ọjà Kejetia ní Kumasi láti tún un kọ́ ni a da iṣẹ́ sílẹ̀ níléeṣẹ́ tíì kan ní àdúgbò Tafo. Èmi ni akọ̀wé ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ nígbà náà.

Orí òkè ní Kẹ́ńyà ni wọ́n ti ń já ewé náà. Wọ́n á gé e wẹ́wẹ́, wọ́n á yan án gbẹ, wọ́n á rọ ọ́ sápò. Ọkọ̀ òkun á gbé e dé èbúté Tema, tírélà á sì já a fún wa. Àwa là ń pín in sínú àpò pélébé olókùn tí àwọn onítíì ń rì sínú kọ́ọ̀bù. Bí a bá ti tú àpò ńlá kan, eruku á bo ojú àti imú wa. Ọ̀gá kì í jẹ́ ká ṣí fèrèsé. Ó ní atẹ́gùn á gbé òórùn tíì lọ.

Ìyá Sàfúrá, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ tí wọ́n bí sí Kumasi, ló pẹ́ níbẹ̀ jù nínú wa. Ikọ́ kì í jẹ́ kó kírun parí láìdúró. Nítorí rẹ̀ la ṣe kọ̀wé béèrè ìbòmú àti fèrèsé ṣíṣí. Nígbà tí ìwé kẹta ò mú èsì wá, a jókòó sẹ́nu géètì.

Lọ́jọ́ kẹrin, ọ̀gá pè mí wọlé. Ó ní bí mo bá lè kó wọn padà sẹ́nu iṣẹ́, òun á fi mí ṣe alábòójútó. Mo kọ̀. N kò ní purọ́ fún yín, mo rò ó kí n tó kọ̀.

Lọ́jọ́ kẹfà, wọ́n kó òṣìṣẹ́ tuntun dé láti àdúgbò Ashanti New Town. Ọmọbìnrin kan tó ń jẹ́ Àbíbá dúró níwájú Ìyá Sàfúrá, tó na ẹsẹ̀ dí ọ̀nà.

“Ìyá, mepa wo kyɛw, mo bẹ̀ yín, ẹ jẹ́ n kọjá. Kò sí oúnjẹ nílé.”

Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Ìyá wò ó títí, ó ká ẹsẹ̀ kò, ó sì mú ìborùn èjìká rẹ̀ lé e lọ́wọ́.

“Fi bo imú rẹ. Kì í ṣe ìwọ là ń bá jà.”

Bí ìyanṣẹ́lódì wa ṣe parí nìyẹn. Wọ́n lé gbogbo wa. Fèrèsé kan ṣoṣo ni wọ́n ṣí. Ìyá Sàfúrá kú kí ààwẹ̀ kejì tó wọlé, ẹnikẹ́ni ò sì ti iléeṣẹ́ wá bá àwọn ọmọ rẹ̀ kẹ́dùn. Ẹgbẹ́ wa túká. Mo ti rò ó lọ, mo ti rò ó bọ̀: fèrèsé kan kò tó ẹ̀mí kan.

Lóṣù tó kọjá, Àbíbá wá mi wálé. Ikọ́ ti mú òun náà. Ó ní òun fẹ́ kí àwọn òṣìṣẹ́ tún jókòó sẹ́nu géètì, ó sì béèrè bóyá màá wá. Mo ní màá wá. Mo bi í pé àwọn mélòó ló ti gbà. Ó wolẹ̀.

“Ẹ̀yin nìkan, Bàbá.”

Ẹnìkan kì í jẹ́ àwá dé. Títí di òní, a kò tí ì ju méjì lọ.